A Wò Ó, Ṣùgbọ́n A Kò Rí I

Ẹ̀yin olùkọ́ wa àti ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́ ẹlẹgbẹ́ mi, ẹjọ́ ni mo gbé wá síwájú yín, kì í ṣe àlọ́. Ẹjọ́ náà wà láàárín oríṣi sinimá méjì. Èkíní ni sinimá apànìyàn léraléra: ẹnì kan ń pa ènìyàn lọ́kọ̀ọ̀kan, ó pa èyí lónìí, ó pa ìyẹn lọ́túnla, ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ kan tí kì í sùn, tí kì í jẹun, sì ń dọdẹ rẹ̀ kiri ìgboro. Èkejì ni sinimá ìnasẹ̀ ní ọ̀nà tóóró ilẹ̀ Jàpáànì: ẹnì kan kàn ń rìn láàárín àwọn ilé àtijọ́, kò bá ẹnikẹ́ni jà, kò sá fún ẹnikẹ́ni, ó wo ìkòkò òdòdó lẹ́nu ọ̀nà onílé, ó wo ológbò lórí ògiri, òjò ń sẹ̀, ó sì kọjá lọ.

Ní ilé tí àwa akẹ́kọ̀ọ́ ń gbé, ọ̀rọ̀ yìí ti di ìjà. Ní alẹ́ ọjọ́ Ẹtì, a máa ń kó ara wa jọ síwájú kọ̀ǹpútà kan ṣoṣo. Bí a bá sì dìbò, ìpànìyàn ni ó máa ń wọlé. Àwọn ọ̀rẹ́ mi ní sinimá apànìyàn ni sinimá ọlọ́gbọ́n, nítorí pé ó ń mú ni ronú. Wọ́n ní sinimá ìnasẹ̀ kò dára ju kí a fi í pe oorun lọ. Ọ̀kan nínú wọn tilẹ̀ sọ fún mi lójú gbogbo ènìyàn pé ẹni tí ó bá jókòó tí ó ń wo ẹni tí ń rìn, aláìníṣẹ́ ni. Wọ́n rẹ́rìn-ín, èmi náà sì rẹ́rìn-ín, ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ náà kò kúrò lọ́kàn mi. Èmi wí pé òdìkejì ni òtítọ́. Sinimá apànìyàn gan-an ni ó ń mú ojú wa sùn, tí ó sì ń purọ́ fún wa nípa ibi tí ikú ń gbé. Sinimá ìnasẹ̀ ni ó ń jí ojú wa.

Kí ẹnikẹ́ni má ṣe rò pé ẹni tí kò tọ́ ọbẹ̀ wò ni ó ń bú ọbẹ̀. Èmi náà ti jẹ nínú rẹ̀, mo sì ti yó. Ní ìsinmi kan, mo wo sinimá apànìyàn mẹ́rìnlá láàárín ọ̀sẹ̀ mẹ́ta. Mo mọ irú okùn tí èyí ń lò, mo mọ irú ọ̀bẹ tí ìyẹn ń lò. Nígbà tí a wọlé padà, mo ń ti ilé-ìkàwé bọ̀ ní alẹ́ ọjọ́ kan. Iná kò sí. Obìnrin kan ń lọ níwájú mi, ó gbé igbá lérí, ó ń rìn wúyẹ́wúyẹ́. Èmi ń wo ẹ̀yìn rẹ̀. Ohun tí ó wá sí mi lọ́kàn ni pé: báyìí gan-an ni wọ́n ṣe máa ń bẹ̀rẹ̀ rẹ̀. N kò ní èrò ibi kankan, Ọlọ́run jẹ́ ẹlẹ́rìí mi. Ṣùgbọ́n mo ń wò ó bí ẹni tí wọn yóò pa nínú sinimá. Nígbà tí ó gbọ́ ẹsẹ̀ mi, ó yí padà. Ìyá tí ń ta ẹ̀wà fún wa lẹ́nu géètì ni, ẹni tí ó ti fún mi ní àwìn nígbà tí owó ilé kò tètè dé. Mo kí i, mo ní, “Ẹ kú alẹ́, mà.” Ó ní, “Ọmọ mi, ìwọ nìyẹn? Ṣé o ti jẹun?” Ojú tì mí. Mo ti wo obìnrin yìí láti òkèèrè títí mo fi súnmọ́ ọn, n kò sì rí i.

Ẹ jẹ́ kí n dúró lórí ọ̀rọ̀ yìí díẹ̀, nítorí pé èdè ni mo ń kọ́. Yorùbá kì í da “wò” pọ̀ mọ́ “rí”. Ojú ni ó ń ṣe iṣẹ́ èkíní, ọkàn a sì máa bá a ṣe èkejì. A lè wo nǹkan títí ilẹ̀ yóò fi ṣú kí a má sì rí i. Àwọn àgbà sì wí pé bí a bá ń sunkún, à máa ríran; ìyẹn ni pé omijé pàápàá kò tó ìdí tí a fi níláti sọ ojú wa nù. Ẹ̀sùn tí mo fi kan sinimá apànìyàn nìyí: ó fún wa ní ohun púpọ̀ láti wò, ó sì gba agbára rírí lọ́wọ́ wa.

Ẹ̀rí mi àkọ́kọ́ ti ìlú Lọ́ńdọ̀nù wá. Ní 1888, ẹnì kan pa àwọn obìnrin tálákà ní àdúgbò Whitechapel. Ọwọ́ kò tẹ ẹ́ títí di òní, ṣùgbọ́n kò sí ẹni tí kò gbọ́ ìnagijẹ rẹ̀ rí. Sinimá, ìwé àti eré orí ìtàgé ti sọ ọ́ di ọba òru. Àwọn àlejò a tilẹ̀ máa sanwó kí wọ́n lè mú wọn rìn káàkiri ibi tí ó ti ṣe iṣẹ́ ibi rẹ̀. Èmi kò ní dárúkọ rẹ̀ níhìn-ín, n kò sì ní dárúkọ apànìyàn kankan tí ó gbé ayé rí nínú ọ̀rọ̀ yìí. Àwọn obìnrin márùn-ún tí ọ̀pọ̀ ènìyàn gbà pé ó pa ni mo fẹ́ dárúkọ: Mary Ann Nichols, Annie Chapman, Elizabeth Stride, Catherine Eddowes, Mary Jane Kelly. Mélòó nínú yín ni ó mọ orúkọ méjì nínú wọn kí ẹ tó ka ìwé yìí? Nichols ti bí ọmọ márùn-ún. Ilẹ̀ Sweden ni wọ́n ti bí Stride. Ó di 2019 kí Hallie Rubenhold, òpìtàn obìnrin kan, tó kọ odindi ìwé kan lórí bí àwọn márààrún ṣe gbé ayé wọn, kì í ṣe lórí bí wọ́n ṣe kú. Láti 1888 títí di 2019! Ọdún mọ́kànléláàádóje ni ayé fi wo òkú wọn kí ẹnì kan tó jókòó láti rí wọn.

Yorùbá ní ẹni tí ó ṣu ni í gbàgbé, ẹni tí ó kó o kì í gbàgbé. Sinimá apànìyàn ti yí òwe yìí po. Ẹni tí ó ṣe ibi ni gbogbo ayé ń rántí. Àwọn tí a ṣe ibi sí ni a gbàgbé.

Ẹ wo bí wọ́n ṣe ń hun irú ìtàn bẹ́ẹ̀. Ohun tí a kọ́kọ́ ń rí ni òkú. A kò mọ orúkọ rẹ̀, a kò gbọ́ ohùn rẹ̀ rí. Ọlọ́pàá á tẹ̀ ba, á ṣí aṣọ, á ní, “Èyí ni ẹ̀kẹta.” Láti ìgbà náà lọ, òkú ọmọ ènìyàn ti di àlọ́ àpamọ̀. Nínú *Se7en*, tí ó jáde ní 1995, apànìyàn fi ẹ̀ṣẹ̀ méje inú ẹ̀kọ́ àwọn onígbàgbọ́ ṣe ètò ìpànìyàn rẹ̀, àwa òǹwòran sì ń ka ẹ̀ṣẹ̀ náà lórí ìka: èyí tó kù ńkọ́? Ẹ̀yin ọ̀rẹ́ mi, ẹ rí i bí ó ṣe rí? Nígbà tí a bá ti ń ka iye tí ó kù, à ń retí òkú mìíràn nìyẹn. Bí apànìyàn bá ṣíwọ́ láàárín ìtàn, àwa gan-an ni yóò kọ́kọ́ bínú.

Agbọ́ ẹjọ́ ẹnì kan dá, àgbà òṣìkà ni. Nítorí náà mo níláti gbọ́ ti ẹnìkejì. Àwọn ọ̀rẹ́ mi yóò ní kì í ṣe gbogbo sinimá apànìyàn ni ó rí bẹ́ẹ̀. Òtítọ́ ni. Ní 1931, Fritz Lang ṣe *M* ní ilẹ̀ Jámánì. Ìyá kan ń retí ọmọ rẹ̀ obìnrin kí ó ti ilé-ìwé dé. Ó ti tẹ́ àwo oúnjẹ rẹ̀ sórí tábìlì. Ó pe orúkọ ọmọ náà lórí àtẹ̀gùn, kò sí ìdáhùn. Lang kò fi ọ̀bẹ hàn wá, kò fi ẹ̀jẹ̀ hàn wá. Ó fi àtẹ̀gùn òfìfo hàn wá, ó fi àwo òfìfo hàn wá, ó fi bọ́ọ̀lù ọmọ náà hàn wá bí ó ṣe ń yí nínú koríko, àti bàlúùnù rẹ̀ bí ó ṣe há sára wáyà. Ẹni tí ó bá rí àwo náà ti rí ọmọ náà. Ní 1992, *The Silence of the Lambs* gba ẹ̀bùn Oscar márùn-ún. Ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ obìnrin inú rẹ̀ wọ yàrá ọmọbìnrin kan tí wọ́n ti pa, ó sì rọra wo àwọn ẹrù rẹ̀. Ibẹ̀ ni ó dára jù nínú sinimá náà. Ṣùgbọ́n ta ni ó rántí yàrá náà? Dókítà tí ń jẹ ẹran ènìyàn ni gbogbo ayé ń sín jẹ, bẹ́ẹ̀ ni kò fi ojú hàn tó ìdajì wákàtí nínú gbogbo eré náà. Nítorí náà, n kò wí pé kí a sun gbogbo wọn níná. Mo ní èyí tí ó dára nínú wọn dára nítorí pé ó dúró, ó sì wo ibi tí ẹni tí ó kú ti gbé ayé rẹ̀.

Ẹnì kan ní, “Ó ń kọ́ wa bí a ṣe ń dá ẹni burúkú mọ̀.” Ṣé bẹ́ẹ̀ ni? Ẹ jẹ́ kí a lọ sí Hwaseong ní Kòríà Gúúsù. Láàárín 1986 àti 1991, obìnrin mẹ́wàá ni wọ́n pa ní agbègbè náà. Bong Joon-ho fi ọ̀rọ̀ náà ṣe sinimá ní 2003, *Memories of Murder*, nígbà tí ẹnikẹ́ni kò tíì mọ ẹni tí ó ṣe é. Ní ìparí rẹ̀, ọmọbìnrin kékeré kan sọ fún ẹni tí ó ti jẹ́ ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ rí pé ọkùnrin kan wá wo ibi tí òkú wà rí. Ó bi í pé báwo ni ojú ọkùnrin náà ṣe rí. Ọmọ náà ní kò yàtọ̀ sí ti ẹnikẹ́ni. Ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ náà bá gbé ojú sókè, ó tẹjú mọ́ àwa tí a ń wo sinimá. Ní 2019, àyẹ̀wò DNA fi ẹni náà hàn: ó ti wà lẹ́wọ̀n tipẹ́ nítorí pé ó pa àna rẹ̀ obìnrin. Kì í ṣe arẹnijẹ tí ń pa àlọ́ fún ọlọ́pàá. Ènìyàn lásán ni. Ọkùnrin mìíràn tí kò mọwọ́ mẹsẹ̀ ti lo bí ogún ọdún lẹ́wọ̀n nítorí ọ̀kan nínú ìpànìyàn náà kí ilé-ẹjọ́ tó dá a láre ní 2020. Apànìyàn náà sì wí nílé ẹjọ́ pé òun wo sinimá náà nínú ẹ̀wọ̀n, kò sì ṣe òun ní nǹkan kan. Bí sinimá tí ó dára jù nínú irú rẹ̀ kò bá lè mi ọkàn ẹni tí ó ṣe iṣẹ́ náà gan-an, ẹ má ṣe sọ fún mi pé èyí tí kò dára yóò kọ́ wa ní ọgbọ́n.

Wàyí o, mo fẹ́ mú yín kúrò nínú ẹ̀jẹ̀, kí a jọ nasẹ̀. Èmi kò dé Jàpáànì rí. Ìwé àti sinimá ni mo fi mọ̀ ọ́n, àti àwọn fídíò tí ẹnì kan gbé ẹ̀rọ ayàwòrán lọ́wọ́, tí ó ń rìn nínú òjò láti ọ̀nà tóóró kan bọ́ sí òmíràn, tí kò sọ ọ̀rọ̀ kan. Síbẹ̀, àárò ibi tí n kò dé rí a máa sọ mí. Àwọn ará Jàpáànì ń pe irú ọ̀nà bẹ́ẹ̀ ní *roji*. Bí wọ́n bá fi àmì mìíràn kọ ọ̀rọ̀ yìí kan náà, ó di ọ̀nà inú ọgbà tí àlejò ń gbà lọ sí ilé tí wọ́n ti ń mu tíì pẹ̀lú ètò ọ̀wọ̀. Mọ́tò kò lè wọ̀ ọ́. Àwọn onílé to ìkòkò ewéko sí iwájú ilé wọn, nítorí pé ilẹ̀ kò tó láti dá ọgbà. Ní ìkóríta rẹ̀, ẹ lè bá ère Jizō kékeré tí a so aṣọ pupa mọ́ ní ọrùn, ẹni tí wọ́n gbà pé ó ń ṣọ́ ọmọdé àti arìnrìn-àjò.

Ìnasẹ̀ yìí kì í ṣe iṣẹ́ aláìníṣẹ́. Láti 1914 di 1915, Nagai Kafū kọ àwọn àròkọ tí ó pè ní *Hiyori geta*. Ó gbé agbòjò lọ́wọ́, ó wọ bàtà onígi, ó mú àwòrán ilẹ̀ Tokyo ti ayé àtijọ́ dání, ó sì ń rìn kiri kọ̀rọ̀ ìlú náà. Ó kọ nípa igi, ó kọ nípa omi, ó kọ nípa òkè àti ọ̀nà tóóró, ní àkókò tí àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ń yangàn pé ìlú ti di ti ìgbàlódé. Àwọn kan rò pé ọ̀lẹ ni. Ní ọjọ́ kìíní oṣù Kẹsàn-án 1923, ilẹ̀ mì tìtì, iná sì jó apá púpọ̀ nínú ìlú náà. Ní òru ọjọ́ kẹwàá oṣù Kẹta 1945, bọ́ǹbù Amẹ́ríkà dáná sun ìlà-oòrùn Tokyo, nǹkan bí ọ̀kẹ́ márùn-ún ènìyàn ni ó kú láàárín òru kan ṣoṣo. Ilé Kafū àti gbogbo ìwé rẹ̀ jóná ní òru náà. Nígbà náà ni a wá mọ̀ pé ẹni tí wọ́n ń pè ní ọ̀lẹ ni ó ti ń kọ orúkọ ohun tí yóò kú sílẹ̀.

Ẹ tún wo èyí. Ọkùnrin kan wà tí ń jẹ́ Yakusho Kōji, òṣèré ni. Ní 1997, ó ṣe ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ nínú *Cure*, sinimá apànìyàn tí Kurosawa Kiyoshi darí. Ní 2023, ó ṣe Hirayama nínú *Perfect Days*, tí Wim Wenders darí, ó sì gba ẹ̀bùn òṣèrékùnrin tí ó pegedé jù ní Cannes. Nínú *Cure*, dókítà kan pa ọkùnrin kan nínú ilé ìgbọ̀nsẹ̀ gbogbo ènìyàn. Nínú *Perfect Days*, iṣẹ́ Hirayama ni láti fọ irú ilé ìgbọ̀nsẹ̀ bẹ́ẹ̀. Ìró ìgbálẹ̀ aládùúgbò ni ó ń jí i láàárọ̀. Yóò bomi rin ewéko rẹ̀, yóò ṣí ilẹ̀kùn, yóò wo ojú ọ̀run, yóò rẹ́rìn-ín. Lọ́sàn-án, yóò jẹun lábẹ́ igi, yóò sì ya àwòrán ìmọ́lẹ̀ tí ń yọ láàárín ewé. Ó rí ìwé pélébé kan tí ẹnì kan fi pamọ́ sínú ilé ìgbọ̀nsẹ̀, ayò ni ẹni náà fi kọ sórí rẹ̀. Hirayama fi àmì tirẹ̀ sí i, ó dá a padà, wọ́n sì ń ta ayò náà lójoojúmọ́ láìfojúkanra. Òkú nìkan kọ́ ni a lè fi ṣe àlọ́ àpamọ̀. Aládùúgbò tí a kò mọ̀ pẹ̀lú jẹ́ àlọ́, ìyẹn kò sì gba ẹ̀mí ẹnikẹ́ni.

Nínú sinimá kan náà, Hirayama bá ọmọdé kan tí ó sọnù tí ó ń sunkún. Ó fà á lọ́wọ́, ó mú un wá ìyá rẹ̀. Ìyá náà gba ọmọ, kò dúpẹ́, ó fa aṣọ ìnuwọ́ yọ, ó nu ọwọ́ tí ọkùnrin náà dì mú. Nígbà tí mo wo ibẹ̀, mo rántí *M*, mo rántí bàlúùnù. Ọwọ́ àjèjì àti ọwọ́ ọmọdé: nínú sinimá apànìyàn, ikú ni. Níhìn-ín, àánú ni.

Mo sọ ọ̀rọ̀ yìí fún àwọn ọ̀rẹ́ mi, ara mi sì yá gágá, àfi ìgbà tí ọmọbìnrin kan nínú kíláàsì wa dá mi lóhùn. Ó ní, “Ẹ̀gbọ́n, ẹ lè máa nasẹ̀ ní ọ̀nà tóóró nítorí pé ọkùnrin ni yín. Èmi kò lè nasẹ̀ níbẹ̀. Ìyá tí ó nu ọwọ́ ọmọ rẹ̀ kò ṣẹ̀. Àwọn obìnrin Hwaseong, ilé ni púpọ̀ nínú wọn ń lọ. Sinimá tí ẹ ń bú yìí ni ó ń sọ òtítọ́ ọ̀nà tèmi.” N kò rí èsì fún un lọ́jọ́ náà. Mo lọ sùn lórí rẹ̀, kì í ṣe alẹ́ kan.

Èsì mi nìyí, mo sì mọ̀ pé kò pé tán. Ìbẹ̀rù rẹ̀ tọ́, n kò ní bá a jiyàn. Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí a wo bóyá sinimá náà ń sọ òtítọ́ ọ̀nà rẹ̀ lóòótọ́. Ìṣirò tí Àjọ Ìṣọ̀kan Orílẹ̀-Èdè Àgbáyé gbé jáde sọ pé ní 2023, bí 85,000 obìnrin àti ọmọbìnrin ni àwọn ènìyàn mọ̀ọ́mọ̀ pa ní gbogbo ayé. Bí 51,100 nínú wọn, ọkọ, àfẹ́sọ́nà tàbí ẹbí wọn ni ó pa wọ́n. Ju ìdajì lọ! Kì í ṣe àjèjì nínú òkùnkùn, kì í ṣe ọlọ́gbọ́n tí ń kọ lẹ́tà sí ọlọ́pàá. Ẹni tí wọ́n jọ ń jẹun ni. Ẹ má sì gbàgbé pé nítorí àna tí apànìyàn Hwaseong pa ni ó fi wà lẹ́wọ̀n. Sinimá apànìyàn gbé gbogbo ẹ̀bi náà lọ sí kọ̀rọ̀, ó fi òjò àti òkùnkùn bò ó, ó sì jẹ́ kí pálọ̀ wa dà bí ibi ààbò. Irọ́ ni ó ń pa mọ́ ọ̀nà tóóró, ó sì ń bá ilé bo àṣírí.

Ohun kejì ni ibi tí wọ́n ń gbé ẹ̀rọ ayàwòrán sí. Nígbà tí obìnrin bá ń dá lọ nínú sinimá apànìyàn, ẹ̀yìn rẹ̀ ni wọ́n máa ń gbé e sí. Ojú apànìyàn ni a fi ń wò ó. Bí ọ̀rọ̀ náà bá jẹ́ ti ọ̀nà ọmọbìnrin kíláàsì wa lóòótọ́, kí wọ́n gbé ẹ̀rọ náà sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀, kí ó bá a rìn, kí a gbọ́ ohun tí etí rẹ̀ ń gbọ́, kí a mọ ibi tí ó ń lọ àti ẹni tí ń retí rẹ̀. Irú sinimá bẹ́ẹ̀ yóò jẹ́ ìnasẹ̀ àti ẹ̀rù pọ̀. Mo fẹ́ wò ó. Mo sọ èyí fún un, ó ní, “Ẹ̀rọ ayàwòrán ni ẹ ti tún ṣe yẹn, ọ̀nà ńkọ́?” Ó gbè mí lẹ́sẹ̀ níbẹ̀.

Mo tún jẹ́wọ́ pé àárò pẹ̀lú a máa purọ́. Àwọn ilé onígi tí ó fún pọ̀ mọ́ ara wọn, tí mo ń wò tí inú mi ń dùn, ni iná 1923 àti ti 1945 rí jó ní kíákíá. Láti 1950, òfin ilé kíkọ́ ilẹ̀ Jàpáànì ní kí ilẹ̀ tí a óò kọ́lé sí kan ọ̀nà tí ó fẹ̀ tó mítà mẹ́rin. Nítorí náà, bí ilé àtijọ́ inú ọ̀nà tóóró bá wó, tí wọ́n bá fẹ́ tún un kọ́, ó níláti sún sẹ́yìn, ibòmíràn a sì wà tí kò ṣeé tún kọ́ rárá. Ọ̀nà náà ń kú díẹ̀díẹ̀ lábẹ́ òfin, òfin náà kò sì burú, nítorí pé ẹ̀mí ènìyàn ni ó ń ṣọ́. Ẹni tí ó bá wo Yanaka, àdúgbò tí ó yè bọ́ nínú iná méjèèjì, tí ó rí ológbò àti òdòdó nìkan, tí kò rántí àwọn tí ó jóná ní àdúgbò tí kò yè, òun náà wò ni, kò rí. Òṣùwọ̀n kan náà ni mo fi wọn méjèèjì. Sinimá ìnasẹ̀ tí kò rántí ẹnikẹ́ni kò sàn ju sinimá apànìyàn tí ó gbàgbé òkú rẹ̀ lọ.

Kí ni mo wá ń bẹ̀bẹ̀ fún? Ohun mẹ́ta ni. Èkíní, kí a jẹ́ kí sinimá ìnasẹ̀ wọlé ní alẹ́ Ẹtì kan nínú mẹ́rin, kí a sì wò ó dé òpin láìfọwọ́ kan ẹ̀rọ ìbánisọ̀rọ̀ wa. Ohun tí a bá fi ẹ̀sọ̀ mú kì í bàjẹ́, ohun tí a bá fi agbára mú ní í le koko. Ojú wa pẹ̀lú wà nínú ohun tí à ń fi ẹ̀sọ̀ mú. Èkejì, bí a bá sì wo ti apànìyàn, kí ẹnì kan dìde lẹ́yìn rẹ̀ kí ó dárúkọ àwọn tí wọ́n pa nínú rẹ̀. Bí kò bá sí ẹni tí ó lè dárúkọ wọn, kí a tún un wò, tàbí kí a jẹ́wọ́ pé ọ̀bẹ ni a wá wò. Ẹ̀kẹta, ẹ̀yin olùkọ́ wa tí ẹ ń kọ́ wa ní lítíréṣọ̀, ẹ má ṣe jẹ́ kí a fi ìbẹ̀rù wọn ọgbọ́n. Ìtàn tí ó mú àyà ènìyàn já kò tíì fi ìyẹn di ìtàn tí ó jinlẹ̀.

Ní tèmi, mo ti dáwọ́ mẹ́rìnlá ọ̀sẹ̀ mẹ́ta dúró. Alẹ́ tí mo bá ń ti ilé-ìkàwé bọ̀, tí ìyá ẹlẹ́wà bá ń lọ níwájú, mo máa ń kí i láti òkèèrè kí ó lè mọ ẹni tí ń bọ̀ lẹ́yìn rẹ̀, kí àyà rẹ̀ má baà já. Lẹ́yìn náà, mo máa ń gba igbá lórí rẹ̀ títí dé ìkóríta. Mo ti mọ orúkọ tí wọ́n ń pè é báyìí, mo sì mọ iye ọmọ tí ó ń fi ẹ̀wà tọ́. N kò ní kọ ọ́ síhìn-ín, nítorí pé òun kò ní kí n kọ ọ́.

Mo ti ro ẹjọ́ tèmi. Ẹni tí kò bá gbà, kí ó kọ èsì rẹ̀ sínú ìwé wa tí yóò jáde tẹ̀lé èyí. Mo ń retí rẹ̀.